Ẹkún Tí Wọ́n Pàtẹ́wọ́ Fún

Òórùn èèpo ọ̀pẹ̀yìnbó tó ti jẹrà ni mo kọ́kọ́ máa ń rántí. Gbọ̀ngàn tí wọ́n ti fi fíìmù náà hàn wà ní Ìkòsí, lẹ́yìn ọjà èso, níbi tí àwọn alábàárù máa ń da èso tó bá ti bàjẹ́ sí ẹ̀bá gọ́tà. Òjò ti rọ̀ láàárọ̀ ọjọ́ Àìkú náà, oòrùn sì wá ń ràn sórí ìdọ̀tí, débi pé òórùn kan tó dùn, tó sì ń rùn, gba ojú fèrèsé wọlé bá wa lórí àga oníke tí a jókòó sí. Ìwọ tí a jọ wà ní kíláàsì ti bi mí rí pé kí ló dé tí n kì í jẹ ọ̀pẹ̀yìnbó. Ìdáhùn rẹ̀ nìyí.

Ọmọ ọdún mẹ́tàlá ni mí nígbà náà. Olùdarí tó ṣe fíìmù náà kì í ṣe àjèjì sí wa, nítorí ilé wa ní Àgbóyì ni ó ti kọ́ iṣẹ́. Bàbá àgbà mi ní ẹgbẹ́ eléré orí ìtàgé nígbà ayé wọn. Wọ́n ń ṣeré káàkiri gbọ̀ngàn ilé-ìwé láti Kétu títí dé Ìkòròdú, olùdarí yìí sì wà lára àwọn ọmọ iṣẹ́ wọn. Ọdún mẹ́sàn-án ni ó fi gbé ọ̀dọ̀ wa, ọwọ́ ìyá àgbà mi ni ó sì ti ń jẹun. Nígbà tí èèyàn kò wá wo eré orí ìtàgé mọ́, ó bẹ̀rẹ̀ sí í ṣe fíìmù fúnra rẹ̀, láìsí iléeṣẹ́ kankan lẹ́yìn rẹ̀. Aládùúgbò ni ó ń yá a ní pálọ̀, ní aṣọ, ní ọkọ̀ ojú omi, a sì ń fi ayọ̀ yá a, nítorí ọmọ wa ni. Bí ó bá ti gbé kámẹ́rà kọ́ èjìká, àwa ọmọdé etí odò á máa sá tẹ̀ lé e: “Uncle, ẹ fi wá sí i! Uncle, ẹ fi wá sí i!” Mo mọ̀ pé àgbà ni, ó sì yẹ kí n máa fi ọ̀wọ̀ sọ̀rọ̀ rẹ̀. Má bínú, ìríra ni kò jẹ́.

Nígbà tí Bàbá àgbà kú, olùdarí wá dọ̀bálẹ̀ fún ìyá àgbà mi nínú yàrá wọn. Ó ní, “Màmá, ẹ má wulẹ̀ wá oníkámẹ́rà kankan. Èmi ni n ó ya ìsìnkú Bàbá. Ẹ̀bùn tèmi nìyẹn.” Ìyá àgbà sunkún, wọ́n sì súre fún un. Lọ́jọ́ ìsìnkú, ó fara balẹ̀ ṣe iṣẹ́ náà. Ó ní kí wọ́n ká aṣọ fèrèsé sókè kí ìmọ́lẹ̀ lè bọ́ sí ojú Bàbá lórí bẹ́ẹ̀dì tí wọ́n tẹ́ wọn sí. Èmi di ẹsẹ̀ bẹ́ẹ̀dì náà mú, mo ń pariwo pé, “Ẹ dìde! Ẹ jọ̀ọ́, ẹ dìde!” títí ẹ̀gbọ́n ìyá mi fi já mi kúrò níbẹ̀. Olùdarí kò pa kámẹ́rà rẹ̀. A rò pé ìfẹ́ ni. Lẹ́yìn náà, nígbàkígbà tí a bá bi í léèrè fídíò ìsìnkú, ìdáhùn kan náà ni: “Mò ń tò ó lọ́wọ́, Màmá. Ẹ ṣe sùúrù, á dùn ún wò.”

Ìlà iwájú ni ó fi wá sí lọ́jọ́ tí ó fi fíìmù rẹ̀ tuntun hàn. Ìtàn ọ̀dàlẹ̀ kan ni, tó ta ilẹ̀ àwọn ọmọ aláìníbaba. Àgbàlagbà tó ṣe ọ̀dàlẹ̀ náà tẹ́ẹ́rẹ́ bíi Bàbá àgbà, ó sì ní irùngbọ̀n funfun bíi tiwọn, ṣùgbọ́n èmi kò fi ọkàn sí i. Ẹ̀rín ni mo ń rín. Nígbà tí àwọn ọmọ náà ṣẹ́ èpè fún un, tí ó ṣubú lulẹ̀, gbogbo gbọ̀ngàn hó. “Ó tán! Ó tọ́ sí i!” Èmi náà pariwo. Èmi àti ọmọbìnrin tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi jọ bọ ara wa lọ́wọ́. Lẹ́yìn ìyẹn ni àwòrán yí padà, tí òkú ọ̀dàlẹ̀ náà sì kún ojú ògiri tí wọ́n ń tan fíìmù sí.

Etí ni mo kọ́kọ́ rí. Àpá kékeré kan wà ní etí òsì Bàbá àgbà mi, níbi tí ìwọ̀ ẹja ti fà á ya nígbà tí wọ́n wà lọ́mọdé. Ẹnu mi ṣì wà ní lílà fún ẹ̀rín nígbà tí mo dá àpá náà mọ̀. Kí n tó lè pa á dé, ohùn tèmi fúnra mi gba gbogbo gbọ̀ngàn: “Ẹ dìde! Ẹ jọ̀ọ́, ẹ dìde!”

“Háà! Ọmọ yìí mọ̀ ọ́n ṣe o! Ẹ wo ẹkún!” obìnrin kan wí lẹ́yìn mi.

“Ọmọ ìkà ń sunkún ìkà,” ni ọkùnrin kan dá a lóhùn. “Kó máa sun ún lọ!”

Wọ́n pàtẹ́wọ́ fún mi. Òórùn ọ̀pẹ̀yìnbó náà wọ inú ọ̀fun mi, mo sì bì sínú ìborùn ìyá àgbà mi.

Nígbà tí iná tàn, olùdarí gun orí pèpéle, ó ń tẹrí ba. Ìyá àgbà dìde, wọ́n rọra gun àtẹ̀gùn lọ bá a, èmi sì tẹ̀ lé wọn.

“Ọkọ mi nìyẹn,” wọ́n sọ fún un.

“Bẹ́ẹ̀ ni, Màmá. Mo fi dá Bàbá lọ́lá ni. Ẹ ò rí i bí wọ́n ṣe kún ojú ògiri?”

“Ìkà lo fi wọ́n ṣe.”

“Eré ni, Màmá.”

“Lọ́dọ̀ ọ̀gá rẹ, tí eré bá tán, kí ni ẹni tó ṣe ìkà máa ń ṣe?”

Olùdarí mọ ìdáhùn náà jù wá lọ, nítorí òun ni ó máa ń ṣe ìkà nínú ẹgbẹ́ náà. Òfin Bàbá àgbà ni pé ẹni tó bá ṣe ìkà kò gbọdọ̀ lọ sílé bẹ́ẹ̀. Yóò padà jáde, yóò bọ́ aṣọ ìkà níwájú èrò, yóò sì sọ orúkọ rẹ̀ àti ilé tí wọ́n bí i sí, kí ẹnikẹ́ni má baà bú u lójú ọ̀nà lọ́jọ́ kejì.

“Bàbá ò lè dìde bọ́ tiwọn,” ni ìyá àgbà wí. “Ìwọ bá wọn bọ́ ọ.”

Ó rẹ́rìn-ín músẹ́. “Màmá, orí ìtàgé nìyẹn. Fíìmù ni èyí. Tó bá ti tán, ó tán.”

Ìyá àgbà bá kọjú sí èrò fúnra wọn. “Ẹ̀yin èèyàn, ẹni tí ẹ rí yẹn, ọkọ mi ni. Wọn kò ta ilẹ̀ ẹnikẹ́ni rí. Òkú wọn gan-an ni ẹ rí. Ọmọ ọmọ wọn ló ń sunkún.” Mo rí i lójú àwọn tó wà níwájú pé ọ̀rọ̀ náà ti ń wọ̀ wọ́n lára. Olùdarí náà rí i. Ó gbé ọwọ́ méjèèjì sókè, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í pàtẹ́wọ́. “Ẹ bá mi kí Màmá o!” Gbogbo wọn bá dìde, wọ́n ń pàtẹ́wọ́, wọ́n na fóònù sókè. Ọ̀dọ́kùnrin kan ké láti ẹ̀yìn pé, “Mama yìí le gan-an! Ẹ fi wọ́n sí apá kejì!” Ìyá àgbà dúró níbẹ̀ láàárín àtẹ́wọ́ náà.

Fíìmù náà gbé olùdarí ga. Mo ti gbọ́ ọ lórí rédíò níbi tó ti ń sọ pé orí ìtàgé ni òun ti kọ́ òótọ́. Fídíò ìsìnkú kò dé ọwọ́ wa títí dòní. Ó ní òun ti pa ìyókù rẹ́ lẹ́yìn tí òun mú èyí tí òun nílò. Nítorí náà, bí a bá fẹ́ rí ojú Bàbá àgbà ní ọjọ́ tí wọ́n fi wá sílẹ̀, ibì kan ṣoṣo ni a ti lè rí i.

Ní oṣù tó kọjá, mo fi fóònù mi ṣí fíìmù náà lórí íńtánẹ́ẹ̀tì, mo pa ohùn rẹ̀, mo sì fò dé ibẹ̀. Ìmọ́lẹ̀ náà bọ́ sí ojú wọn gẹ́gẹ́ bí olùdarí ṣe tò ó, ó sì rẹwà. N kò lè purọ́. Ìyá àgbà wá jókòó tì mí. Mo rò pé wọn yóò gba fóònù náà lọ́wọ́ mi. “Dá a padà sẹ́yìn,” ni wọ́n wí. Mo dá a padà. A wò ó lẹ́ẹ̀mẹ́ta, fóònù sì kà wá mọ́ àwọn tó ti wo fíìmù rẹ̀.

Tẹ́lẹ̀, mo rò pé ohun tó bá kó ni nírìíra ni èèyàn máa ń gbójú kúrò lára rẹ̀. Mo ti wá mọ̀ pé irú rẹ̀ kan wà tí a kò lè gbójú kúrò lára rẹ̀, nítorí ojú ẹni tí a fẹ́ràn ni wọ́n fi sínú rẹ̀. Àwa ni a ni òkú, àwa náà ni olùdarí sì sọ di òǹwòran.