Lífídì tó wà ní àjà ilé wa

Lífídì ni a ń pe aṣọ náà nílé wa ní Ìjúrìn. Ó nípọn bíi tìmùtìmù, òwú àràbà ló kún inú rẹ̀, wọ́n sì rán an ní ìlà-ìlà. Bí ibà bá mú ọmọ, ìyá wa á gbé e bò ó kó lè làágùn. Ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin ló sùn lábẹ́ rẹ̀ jù, torí òun ni àìsàn fẹ́ràn láàárín wa. Ohun tí a mọ̀ kò ju pé baba ńlá wa gbé e ti ogun bọ̀. Kò sẹ́ni tó béèrè pé kí ni lífídì.

Lọ́dún tó kọjá tí a fẹ́ pààrọ̀ páànù ilé, wọ́n gbé e sọ̀ kalẹ̀ láti àjà. Ẹ̀gbọ́n mi, tó ti di alàgbà ìjọ, rí ojú ihò mẹ́ta tí wọ́n fi awọ lẹ̀ lára rẹ̀ bí ońdè, ló bá fajú ro.

"Ohun tí a ò mọ ùdí rẹ̀ éè gbé ulé onígbàgbọ́," ló wí. "Ìwọ tíṣà, kí ni orúkọ rẹ̀ túmọ̀ sí?"

Ojú tì mí. Èdè Yorùbá ni mo fi kọ́ ọmọ ọlọ́mọ títí mo fi fẹ̀yìntì. Ó ní òun fún mi láyè di aago mẹ́rin ọjọ́ Sátidé, lẹ́yìn náà iná ni.

Sátidé, mo bi bàbá Hausa kan tó ń ta àlùbọ́sà ní ọjà Ẹ̀fọ̀n pé kí ni lífídì. Ẹ̀rín pa á.

"Ẹ̀wù ogun ẹṣin ni, Tíṣà! Tí ẹṣin bá wọ̀ ọ́, ọfà ò ní wọlé."

Ó kéwú dáadáa. Ó ní ọwọ́ Lárúbáwá làwọn ti gba ọ̀rọ̀ náà: libid làwọn yẹn ń pe aṣọ tí wọ́n fi irun àgùntàn lù pọ̀, tí wọ́n ń tẹ́ sábẹ́ gàárì. Àṣé ojú ọfà ni ihò mẹ́ta wa. Inú mi dùn débi pé mo ra àlùbọ́sà tí n ò nílò.

Aago méjì ni. Mo lè pe ẹ̀gbọ́n mi, ṣùgbọ́n mo fẹ́ sọ ọ́ lójú rẹ̀, kí n fi í ṣe yẹ̀yẹ́ díẹ̀. Mo kọ́kọ́ jẹ iyán. Mọ́tò tí mo wọ̀ wá bàjẹ́ lẹ́yìn Àrámọ̀kọ.

Eérú ni mo bá lẹ́yìn ilé. Mo sọ ìtumọ̀ náà fún un, kò sì sí yẹ̀yẹ́ lẹ́nu mi mọ́. Ó jókòó sórí páànù àtijọ́.

"Òun ni Ìyá fi bò mí nígbà tí wọ́n ní mi ò ní yè," ló wí. "Aago mélòó lo mọ̀ ọ́n?"

"Aago méjì, Bọ̀dá."

"Kí ló dé tí o ò pè mí?"

Fóònù wà lápò mi.