Omi Àgbọn Tí Mo Fún Bátìrì Mu

Mo rántí ìgbà tí mo gbà pé kò sí ohun tó so ayé mọ́ra bí kò ṣe wáyà. Ọmọ Èkìtì ni mí, mo ṣẹ̀ṣẹ̀ gba ìwé ẹ̀rí nínú iṣẹ́ tẹlifóònù, ìjọba ológun sì gbé mi wá sí ọ́fíìsì kékeré kan ní Àgbádárìgì, níbi tí òórùn ẹja yíyan ti máa ń bá wa ṣiṣẹ́ láti àárọ̀ dalẹ́. Iṣẹ́ mi ni láti tọ́jú wáyà tó gba àárín igi àgbọn kọjá láti ọ́fíìsì wa dé ibodè Sẹ̀mẹ̀. Àwọn tó ń gun àgbọn a fi àdá gé e, àwọn obìnrin a sá aṣọ sórí rẹ̀, èmi a sì máa rìn kiri lábẹ́ oòrùn bí ẹni tí ewúrẹ́ rẹ̀ sọnù. Síbẹ̀, kò sẹ́ni tó lè sọ̀rọ̀ wáyà láìdáa létí mi.

Bàbá kan wà tí a jọ ń lo yàrá kan náà. Ègùn ni, ọmọ ìlú, irun orí rẹ̀ ti funfun, òun ló sì ń tọ́jú rédíò tí a fi ń bá Sẹ̀mẹ̀ sọ̀rọ̀ láìlo wáyà. Aláriwo ni mo máa ń pe ẹ̀rọ náà. Bí Bàbá bá ń pe Sẹ̀mẹ̀, ọ̀rọ̀ a máa ta bí ẹja nínú epo gbígbóná, nígbà mìíràn apẹja kan láti òdìkejì ibodè a fi Faransé dá sí i. Bàbá a fi Ègùn dá a lóhùn, wọn a kí ara wọn, wọn a béèrè ìyàwó àti ọmọ, kí ó tó padà sídìí iṣẹ́ ìjọba. Bí mo bá fi ṣe yẹ̀yẹ́, yóò ní òun kò tíì rí ẹni tó fi àdá gé afẹ́fẹ́ rí.

Ọdún náà le. Ìjọba ń yọ òṣìṣẹ́ bí ẹni ń ṣa òkúta nínú ìrẹsì. Ìwé dé pé ọ̀gá kan ń bọ̀ láti Èkó: agbára kò ká ọ̀nà méjì mọ́, wáyà tàbí rédíò, ọ̀kan ni yóò dúró, ẹni tó ń tọ́jú èkejì yóò sì máa lọ ilé rẹ̀. Mo ń fẹ́ ọmọbìnrin kan nílé ẹ̀kọ́ àwọn olùkọ́ ní Ọ̀tọ̀ nígbà náà, bàbá rẹ̀ sì ti sọ pé òun kò ní fọmọ fún aláìníṣẹ́. Bàbá onírédíò bí ọmọ mẹ́fà, àbíkẹ́yìn wọn ṣì ń lọ sílé ìwé. Mo mọ̀ bẹ́ẹ̀, mo sì ń sùn dáadáa.

Bátìrì ọkọ̀ ló ń gbé ẹ̀rọ wa méjèèjì ṣiṣẹ́, ọ̀kan ti Bàbá, ọ̀kan tèmi, èmi ni mo sì ń bu omi sí méjèèjì. Omi bátìrì ti wọ́n lọ́jà. Ìwé tí a kà ní omi tó mọ́ gaara, tí ìdọ̀tí kankan kò kàn, ni kí a lò. Mo ronú títí, ọgbọ́n bá sọ sí mi lórí. Ta ló mọ bí omi ṣe dénú àgbọn? Ọwọ́ ènìyàn kò kàn án, Ọlọ́run fúnra rẹ̀ ló dé e. Mo ra àgbọn tútù mẹ́ta, mo fi aṣọ funfun sẹ́ omi wọn, mo dà á sínú bátìrì tèmi. Omi òjò tí Bàbá gbe sínú abọ́ ní gbangba ni mo bù sí tirẹ̀. Mo rò pé mo rẹ́ ẹ jẹ.

Nígbà tí ọ̀gá náà dé lọ́sẹ̀ kejì, ó ní kí a ka ìwé orúkọ àwọn ẹrù kan sí Sẹ̀mẹ̀, kí wọ́n kà á padà fún wa. Mo ti rin ìdí wáyà láàárọ̀, kò já níbì kankan. Mo gbé tẹlifóònù sétí, kò dún. Mo gbá a, mo fẹ́ atẹ́gùn sí i, mo ń pariwo “hẹ́lò” títí òógùn fi bò mí. Àwọn àgbà ní ẹni tó da eérú ni eérú ń tọ̀. Bàbá tan tirẹ̀, apẹja kí wa, Sẹ̀mẹ̀ sì dáhùn, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹ̀ẹ̀mẹrin ni a ka ìwé náà kó tó yé wọn. Ọ̀gá ti ń kọ orúkọ mi sílẹ̀ nígbà tí Bàbá dìde.

Ó ní, “Ọ̀gá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ dáwọ́ dúró ná. Wáyà ọmọ yìí dáa, bátìrì ẹ̀ ló kú. Ẹ jẹ́ ó fi tèmi dán an wò.”

Òun fúnra rẹ̀ ló tú u, tó sì so ó mọ́ ẹ̀rọ mi. Ohùn Sẹ̀mẹ̀ wọlé bí ẹni pé a jọ jókòó lórí bẹ́ǹṣì kan náà, ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni a ka ìwé náà. Bàbá rẹ́rìn-ín, ó ní, “É nyọ́,” ìyẹn ni pé ó dára lédè Ègùn. Kí oṣù tó parí, ìwé dé. Wáyà ni yóò dúró.

Mo bá a ru ẹrù rẹ̀ dé etí ọ̀sà, níbi tí ọkọ̀ ojú omi yóò ti gbé e lọ sílé. Ojú tì mí débi pé ẹkún ni mo fi jẹ́wọ́ ọ̀rọ̀ àgbọn náà.

Ó ní, “Mo mọ̀. Èèrà ti tò sídìí bátìrì ẹ láti ọjọ́ kẹta. Èèrà kì í wá ásíìdì wá, ohun dídùn ló ń wá.”

Mo bi í pé kí ló dé tí kò fi sọ. Ó ní ṣé màá gbọ́ ni, èmi tí mo mọ̀wé. Ó rẹ́rìn-ín títí ikọ́ fi gbé e. Lẹ́yìn náà ló wá sọ pé, “Wáyà ò ṣẹ̀. Mi ò lè fi ẹ̀bi bátìrì lé e lọ kí n wá jókòó sáyè ẹ̀.”

Mo fẹ́ ọmọbìnrin Ọ̀tọ̀ náà, mo sì ti fẹ̀yìn tì báyìí nílé wa ní Mówò. Láìpẹ́ yìí, wọ́n gbẹ́lẹ̀ níwájú ilé mi, wọ́n ri wáyà tí a fi dígí ṣe, tó tín-ín-rín bí irun, tí ìmọ́lẹ̀ ń gbé ọ̀rọ̀ sáré gba inú rẹ̀. Òpó fóònù aláfẹ́fẹ́ kan dúró ní òdìkejì, mo sì ti ń múra àtibá a jà, àṣé wáyà dígí yìí ló ń bá òpó náà gbé ọ̀rọ̀ rẹ̀ lọ. Ìgbà yẹn ni mo ronú kan Bàbá, inú mi sì bàjẹ́ pé a ò gbọ́n tó bẹ́ẹ̀.

Bátìrì òpó náà wà nínú àpótí irin, bátìrì ìgbàlódé tó lè gbé òpó náà ró mọ́jú. Mo bi òṣìṣẹ́ tó ń tọ́jú rẹ̀ pé níbo ni wọ́n ti ń bu omi sí i. Ó rẹ́rìn-ín, ó ní, “Bàbá, kò ní ihò rárá.” Mo ní ó dára bẹ́ẹ̀, nítorí irú wa. Síbẹ̀, nígbà tó kọ ẹ̀yìn sí mi, mo bẹ̀rẹ̀, mo wo ìdí rẹ̀ bóyá èèrà wà níbẹ̀.