Òwú Pupa Lọ́nà Ìyìn

Nítorí pé n kì í sọ̀rọ̀ ni Ìyá Ráfátù ṣe gbà mí sẹ́nu iṣẹ́ irun. Ìwé kẹrin ni mo kà kí n tó fi ilé-ìwé sílẹ̀. Lọ́jọ́ tí màmá mi mú mi dé ìsọ̀ rẹ̀ ní Òkè-Ìlá, ojú tì mí débi pé n kò lè dáhùn ìkíni. Ó rẹ́rìn-ín. "Ẹ fi í sílẹ̀ fún mi. Bí àwọn obìnrin bá gbé orí wọn wá síbí, ẹnu wọn máa ń tẹ̀ lé e wá. Ẹni tí kò ní tú àṣírí ni mo ń wá."

Oríṣi irun méjì ni a ń ṣe. Dídì ni èyí tí a ń fi ọwọ́ lásán dì mọ́ orí, bíi ṣùkú àti ìpàkọ́-ẹlẹ́dẹ̀. Kíkó ni èyí tí a ń fi òwú wé láti ìdí dé ṣóńṣó títí yóò fi nàró, bí onílé-gogoro tó ga bí ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì. Òwú dúdú la máa ń lò, kó lè bá irun mu. Àléébù mi ni pé mo máa ń fà á le jù. Ọ̀gá mi á ní, "Dúpẹ́, orí èèyàn lo ń kó, kì í ṣe ewúrẹ́ lo ń so."

Ìyá Bósẹ̀, ọ̀kan nínú àwọn oníbàárà wa, kì í ké bí mo bá fà á le. Ó ní oko ẹ̀gẹ́ lọ́nà Ìyìn, ó sì ti kọ ọkọ rẹ̀ sílẹ̀. Kóòtù ìbílẹ̀ ní kí Bósẹ̀, ọmọ ọdún márùn-ún, wà lọ́dọ̀ ìyá rẹ̀. Ìdájọ́ yẹn dun ẹbí ọkọ, ṣùgbọ́n kò dun ẹnikẹ́ni tó Àǹtí Mọ́jí, ẹ̀gbọ́n ọkọ. Òun kò rọ́mọ bí, ọwọ́ rẹ̀ ni Bósẹ̀ sì ti já lẹ́nu ọmú.

Lọ́jọ́ Ẹtì kan, Àǹtí Mọ́jí yà sọ́dọ̀ wa. "Ẹ bá mi kó onílé-gogoro fún Ìyá Bósẹ̀ lọ́la. Èmi ni mo fi ta á lọ́rẹ, ìjà ti tó. Ṣùgbọ́n òwú pupa ni kẹ́ ẹ lò."

"Pupa kẹ̀?" ni ọ̀gá mi wí. "Ṣé àkùkọ lẹ fẹ́ kí n sọ ọ́ dà ni?"

"Ayé ti lajú, Ìyá Ráfátù."

Lọ́jọ́ kejì, èmi ni mo kó irun náà. Ìyá Bósẹ̀ wo dígí, omi bọ́ lójú rẹ̀. "Àǹtí Mọ́jí ti dárí jì mí." Bósẹ̀ ń jó yí i ká: "Màmá mi ní ilé pupa lórí!"

Bí wọ́n ti lọ, mo lọ fọ òòyà lẹ́yìn ìsọ̀. Mo gbọ́ ohùn Àǹtí Mọ́jí ní òdìkejì ògiri.

"Ṣé o rí i bó ṣe ń kọjá? Olówùú pupa yẹn ni. Láàárọ̀ ọjọ́ Ajé, níbi tí ọ̀nà Ìyìn ti wọ́. Kó má padà wálé mọ́. Bí ọmọ bá wà pẹ̀lú rẹ̀, má fọwọ́ kan ọmọ."

"Ọmọdé kọ́ niṣẹ́ mi," ni ọkùnrin kan dáhùn.

Òòyà bọ́ lọ́wọ́ mi. Ọwọ́ tèmi ló fi àmì sí i lórí. Mo sáré wọlé, mo di ọ̀gá mi lọ́wọ́ mú.

"Kí ló dé? Ta ló nà ọ́?"

"Ìyá, wọ́n fẹ́ pa á."

A mú Ìyá Bósẹ̀ lọ bá ọlọ́pàá. Ẹni tí a bá níbẹ̀ ń rẹ́rìn-ín. "Ṣé irun lẹ̀rí yín? Ẹ lọ bá àwọn àgbà ẹbí." Ìyá Bósẹ̀ ní ká tú u kíá. Ọ̀gá mi kọ̀. "Bí a bá tú u, wọ́n á wá àmì mìíràn tí a ò ní mọ̀. Èyí tí a mọ̀ yìí ni ká fi ṣe é."

Lọ́jọ́ Ìsinmi, a kó òwú pupa fún gbogbo obìnrin tó ń lọ sóko lọ́nà Ìyìn, lọ́fẹ̀ẹ́. A sọ ìdí rẹ̀ fún wọn, kò sì sí ẹni tó sá. Ní ọjọ́ Ajé, Ìyá Bósẹ̀ jókòó sílé, àwọn yòókù kó ara wọn jọ lọ, ọmọ odó nínú apẹ̀rẹ̀. Níbi tí ọ̀nà ti wọ́, ọkùnrin náà ń wo orí kan dé òmíràn bí ẹni tí ewúrẹ́ rẹ̀ wọ agbo ẹlòmíràn.

"Ta lò ń wá, bọ̀ọ̀dá?" ni ọ̀kan nínú wọn bi í. "Gbogbo wa rèé!"

Ó fẹsẹ̀ fẹ́ ẹ. Wọ́n lé e bá. Ọ̀bẹ ni wọ́n bá nínú àpò rẹ̀.

A yọ̀ lọ́jọ́ yẹn, ṣùgbọ́n ayọ̀ náà kò pẹ́. Ọkùnrin náà lọ sẹ́wọ̀n. Ó dárúkọ Àǹtí Mọ́jí, obìnrin náà sì fi Bíbélì búra pé òun kò mọ̀ ọ́n rí; ohùn rẹ̀ nìkan ni èmi náà gbọ́, n kò fojú rí i. Àwọn àgbà ẹbí wá bẹ Ìyá Bósẹ̀ pé a kì í ti kóòtù bọ̀ ṣọ̀rẹ́. Ọ̀rọ̀ kú síbẹ̀. Láti ìgbà náà, bí ewé bá já, Ìyá Bósẹ̀ á fò dìde. Níkẹyìn, òun fúnra rẹ̀ ló fa Bósẹ̀ lọ sílé bàbá rẹ̀. Ó ní, "Bí mo bá kú, ọ̀dọ̀ wọn náà ni yóò lọ. Ó tẹ́ mi lọ́rùn kó mọ̀ pé mo wà láyé." Ó kó lọ sí Ìyìn. Ohun tí ọ̀bẹ kò rí gbà, ẹ̀rù gbà á.

Ọ̀gá mi wá fi òfin kan lélẹ̀: ẹni tó ni orí ló ń yan irun; ẹni tó sanwó kò ní ẹnu níbẹ̀.

Lọ́dún tó kọjá, lẹ́yìn tí mo gba òmìnira iṣẹ́, èmi nìkan ni mo wà ní ìsọ̀ nígbà tí Àǹtí Mọ́jí wọlé, bí ẹni tí kò ṣe nǹkan kan rí. Ó mú Bósẹ̀ dání. Irun ọmọ náà ki ní ìpàkọ́, bíi ti ìyá rẹ̀ gẹ́lẹ́. Mo ti fi òwú dúdú kó ìdajì nígbà tí Bósẹ̀ sọ fún mi kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́:

"Àǹtí, ẹ fi pupa kó èyí tó kù. Bíi ti màmá mi."

"Dúdú ni!" ni Àǹtí Mọ́jí jágbe. "Màmá wo? Ta ni màmá rẹ?"

Mo gbé òwú dúdú sílẹ̀. N kò tíì dá oníbàárà lóhùn rí láyé mi.

"Ẹni tó ni orí ló ń yan irun, mà."

Àǹtí Mọ́jí fa ọmọ náà dìde lórí àpótí, ó wọ́ ọ jáde. Bósẹ̀ fi àtẹ́lẹwọ́ bo apá tí n kò tíì kó, ó ń wẹ̀yìn wò mí títí wọ́n fi yà ní kọ̀rọ̀.

Wọn kò padà wá. N kò mọ ẹni tó bá a kó èyí tó kù.