Bí Mo Ṣe Fẹ́ Yí Orúkọ Ilẹ̀ Bàbá Wa Padà Nígbà Tí Ẹjọ́ Ṣì Wà ní Kóòtù

Ẹ̀yin ọ̀rẹ́ mi, ẹ fún mi láyè kí n ròyìn ibi tí owú gbé mi dé. Ẹ má rò pé owú obìnrin ni o. Owú àbúrò mi ni!

Ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1990 ni, ní Ìlọrin. Oníròyìn ni mí, yàrá kan ni mo sì rẹ́ǹtì ní àdúgbò Basin. Bàbá wa kú, wọ́n fi ilẹ̀ kan sílẹ̀ ní àdúgbò Fate. Àfi bí Sàlíù, ọmọ ìyàwó kékeré, ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́lé síbẹ̀! Ó ní Bàbá ti fún òun kí wọ́n tó kú. Ṣé èmi àgbà wá ńkọ́? Gbogbo ìgbà tí mo bá gba ibẹ̀ kọjá ni mo máa ń ka ìlà búlọ́ọ̀kù rẹ̀. Tí ọ̀kan bá ti lé sí i, oúnjẹ ò ní wù mí jẹ lọ́jọ́ yẹn.

Mo pè é lẹ́jọ́. Ẹjọ́ ò tètè parí. Mo wá rò ó pé kí ni mo ń dúró dè? Orúkọ Bàbá ló ṣì wà nínú fáìlì ní ọ́fíìsì ilẹ̀. Tí mo bá ti sọ ọ́ di orúkọ tèmi, kí ni Sàlíù tún fẹ́ wí?

Alhaja tó ń tọ́jú fáìlì níbẹ̀ bi mí bóyá ẹjọ́ wà lórí ilẹ̀ náà. Mo ní rárá. Irọ́ gbuu! Ó ní kí n lọ gba ọ̀rọ̀ lẹ́nu ẹni tí a jọ pààlà, kí ó tẹ̀ka sí i.

Bàbá Jímọ̀ ni onítọ̀hún, àgbẹ̀ tó ń dáko lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilẹ̀ wa. Wọ́n ní, “Ilẹ̀ bàbá rẹ ni, wallahi. Mo mọ̀ ọ́n kí ọ̀nà ọ̀dà tó dé ibí.”

Mo kọ ọ́ sílẹ̀, inú mi dùn. Àfi bí wọ́n ṣe ń bá a lọ láìjẹ́ pé mo bi wọ́n.

“Ṣùgbọ́n ọjọ́ tí wọ́n máa gbin pèrègún sí ààlà yìí, ìwọ ni bàbá rẹ kọ́kọ́ ránṣẹ́ pè. O ò wá. Sàlíù ló wá gbìn ín. Bàbá rẹ ní, ‘Jímọ̀, ṣé o rí i? Ẹni tó wá ni mo fún.’”

Ọwọ́ oníròyìn kì í dúró. Mo kọ gbogbo rẹ̀ bí wọ́n ṣe sọ ọ́. Ojú ìwé méjì ni, Bàbá Jímọ̀ sì tẹ̀ka sí méjèèjì. Nígbà tí mo dé ọ́fíìsì ilẹ̀, ẹyọ kan ni mo fún Alhaja. Ẹ̀yin náà mọ èyí tí mo fi pamọ́.

Àwọn ará ọ́fíìsì ilẹ̀ lẹ ìwé ìkéde mọ́ ara ilé Sàlíù pé mo fẹ́ yí orúkọ padà. Sàlíù rí i, ó gbé e fún lọ́yà rẹ̀. Kóòtù bá ránṣẹ́ pe èmi, fáìlì àti Bàbá Jímọ̀.

Wọ́n fi ìwé tí mo fún Alhaja han Bàbá Jímọ̀. Bàbá Jímọ̀ wò ó síwá, wọ́n wò ó sẹ́yìn. “Ẹ̀ẹ̀mejì ni mo tẹ̀ka. Èkejì dà?”

Kóòtù bú sẹ́rìn-ín. Inú báàgì mi ló wà! Adájọ́ ní, “Oníròyìn, kà á fún wa bí o ṣe kọ ọ́.”

Mo kà á. Mo ka ibi “O ò wá” náà.

Adájọ́ bá mi wí gidigidi, ó ní ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ fọwọ́ kan fáìlì náà títí ẹjọ́ fi máa parí. Nígbà tó sì parí, Sàlíù ló gba ilẹ̀.

Ó bá mi níta lọ́jọ́ ìdájọ́. Mo rò pé ó fẹ́ fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ ni. Ó ní, “Ẹ̀gbọ́n, Bàbá ò tètè jẹ́ kí n gbin pèrègún yẹn. Wọ́n ní ká ṣì ní sùúrù, pé ẹ máa tó dé.”

Ẹ̀yin èèyàn mi, tí ẹjọ́ ilẹ̀ bá wà ní kóòtù, ẹ jẹ́ kí fáìlì wà bó ṣe wà. Tí ọ́fíìsì bá bi yín léèrè, ẹ sọ òótọ́. Ní tèmi, mi ò jowú ilé Sàlíù mọ́. Àárọ̀ ọjọ́ kan ṣoṣo tó lò pẹ̀lú Bàbá lórí ilẹ̀ yẹn ni mò ń jowú, kò sì sí kóòtù tó lè pín in fún mi.

Ta lẹ̀yin náà ti jowú rí nínú ilé yín? Kí ni owú náà mú yín ṣe? Ẹ sọ ọ́ níbí, kódà bí ojú bá ń tì yín. Èmi ṣáà ti sọ tèmi.