Iyán Tí Mo Gún ní Ìdajì Ọ̀nà Òkun

Aago mẹ́rin ìdájí kọjá díẹ̀ nígbà tí ọkọ̀ Síẹ́nà gbé èmi àti Yèyé kúrò ní Ìkọ̀lé. Ìrì ṣì ń kán láti orí páànù. Àkùkọ kan ṣoṣo ló ń kọ ní ìsàlẹ̀ àdúgbò wa, kò sì rí ẹgbẹ́ tó dá a lóhùn.

Yèyé tí mo ń wí yìí kì í ṣe ìyá tó bí mi lọ́mọ. Àbúrò ìyá mi ni, ará Ìrèlè. Ọmọ ọdún mẹ́fà ni mí nígbà tí ìyá mi kú, òun ló fà mí lọ́wọ́ wọ ilé ọkọ rẹ̀, tó ní kí ẹnikẹ́ni má pe òun ní àǹtí mi mọ́. Ó ti lé ní ẹni ọdún márùndínlọ́gọ́rin báyìí. Ojú ló ń yọ ọ́ lẹ́nu, dókítà ojú ní Èkó ni a sì ń lọ rí.

Ẹgbẹ̀rún méjìdínlógún náírà ni onímọ́tò gbà lórí ẹnì kọ̀ọ̀kan. Mo di iṣu Ìrèlè mẹ́rin sínú àpò, mo tì í sábẹ́ ẹsẹ̀ mi. Onímọ́tò rí i, ó bú sẹ́rìn-ín.

"Bàbá, ṣé wọn kì í ta iṣu l'Ékòó ni?"

Yèyé ló dá a lóhùn láti ẹ̀yìn: "Wọ́n ń ta á. Ṣé ìyẹn náà ni o ń pè ní uṣu?"

Gbogbo ọkọ̀ rẹ́rìn-ín, oorun sì dá lójú wa. Láti Ìkọ̀lé dé Ọ̀yẹ́, kòtò ni ọkọ̀ ń yẹ̀ fún bí ẹni ń jó. Ní Ọ̀yẹ́, a rí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ yunifásítì tí wọ́n ti gbé báàgì kọ́rùn, tí wọ́n ń dúró de ọkọ̀ nínú òkùnkùn. Ilẹ̀ mọ́ bá wa lẹ́yìn Ìfàkì. A jẹ búrẹ́dì àti ẹ̀wà ní Orè, ẹgbẹ̀rún kan ààbọ̀ náírà àwo kan. Yèyé ní ẹ̀wà náà kò jinná tó owó rẹ̀. Aago méjì ọ̀sán kọjá kí a tó dé Agbára, níbi tí ọmọ mi obìnrin ń gbé.

Dókítà tí a rí lọ́jọ́ kejì jẹ́ onísùúrù ènìyàn. Ó fi iná wo ojú Yèyé títí. Ó ní àrùn náà ti jẹ ẹ̀gbẹ́ ojú méjèèjì tán, pé bí ìgbà tí ènìyàn ń yọjú láti inú páìpù ni Yèyé ń rí ayé báyìí. Oògùn tí a ó máa kán sí i lè fà á sẹ́yìn díẹ̀, ṣùgbọ́n kò lè dá a dúró. Yèyé dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀, ó kí i kú uṣẹ́, a jáde.

A ti wọ ọkọ̀ kó tó sọ̀rọ̀. "Olú, ṣé òkun jìnnà síbí?"

"Kí lẹ fẹ́ fi òkun ṣe, Yèyé?"

"Mo fẹ́ rí i ni. Láti ọjọ́ tí mo ti ń pàlọ́ òkun fún yín, tí mo ń kọrin Òkun Pupa ní ṣọ́ọ̀ṣì, ẹnu lásán ni. N ò rí i rí. Bí ojú yìí bá ń lọ, kó kọ́kọ́ bá mi wo ìyẹn ná."

Mo ní kó fọkàn balẹ̀, a ó rí i lọ́la. Ọmọ mi sọ fún wa pé Àgbádárìgì kò jìnnà, pé erékùṣù kan wà níwájú rẹ̀ tí wọ́n ń mú àlejò yíká ní ààbọ̀ ọjọ́: a ó rí ibi tí wọ́n ń kó àwọn ẹrú gbà láyé àtijọ́, ní òpin ọ̀nà náà ni òkun wà. Ọ̀la náà nìkan ló kù fún wa, nítorí a ti sanwó ọkọ̀ tí yóò gbé wa padà ní ìdájí ọ̀tunla.

Aago mẹ́sàn-án kò tíì lù tí a fi dé etí ọ̀sà. Obìnrin tí yóò mú wa yíká ti ń dúró dè wá, Sènàmi lórúkọ rẹ̀, ẹni bí ogójì ọdún, ọmọ erékùṣù náà gan-an. Ẹgbẹ̀rún mẹ́jọ náírà ni iṣẹ́ rẹ̀, ẹgbẹ̀rún méjì sì ni ọkọ̀ ojú omi ní àlọ àti àbọ̀ fún ẹnì kan. Ọlọ́kọ̀ náà kìlọ̀ fún wa kí a tó wọlé pé aago kan géérégé ni òun ń padà, nítorí ọ̀sán ni òjò ń ṣe bó ṣe wù ú lásìkò yìí.

Wọ́n gbé ẹ̀wù kan tó wú bí ìrọ̀rí wọ̀ wá lọ́rùn, kí a má baà rì. Yèyé fọwọ́ tẹ̀ ẹ́ wò. Ó ní, "Ẹ ò kúkú sọ pé ẹ fẹ́ fi mí sọ́kọ̀ bí ẹrù." Nígbà tí omi yí wa ká, ó bi mí pé:

"Ṣé òkun nìyí?"

"Rárá o, Yèyé, ọ̀sà ni."

"Ó tóbi tó báyìí, kò tíì jẹ́ òkun!" Ó gbá ọwọ́ mọ́ra bí ọmọdé. Odò tí àwa mọ̀ ní Ìrèlè, ẹni tó bá ká ṣòkòtò sókè lè fò ó kọjá lọ́gbẹlẹ̀.

Yanrìn ni gbogbo ilẹ̀ erékùṣù náà. Ibi tí obì àti kòkó ń gbé fún wa ní ìbòòji nílé, àgbọn ló dúró síbẹ̀, ìbòòji tirẹ̀ kò sì tó ti agbòòrùn tó ya. Èéfín ẹja ń jáde lẹ́yìn ilé gbogbo. Èdè Ègùn ni wọ́n ń sọ: osìn ni wọ́n ń pe omi, ohù ni òkun. Yèyé kọ́ méjèèjì lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀.

Sènàmi mú wa dé ìdí kànga kan tí wọ́n fi ọgbà yí ká. Ó ní ibẹ̀ ni wọ́n ti ń fún àwọn tí wọ́n dè ní ṣẹ́ẹ̀kẹ́ṣẹ̀kẹ̀ lómi mu, pé ẹni tó bá mu ún yóò gbàgbé ọ̀nà ilé. Ó sọ ọ́ dáadáa, kò kánjú, bí ẹni tó ń sọ̀rọ̀ ìbátan rẹ̀.

Yèyé ní, "Ta ló gbẹ́ kànga náà?"

"Wọn ò sọ ìyẹn fún wa, Ìyá."

"Ẹ ò rí i? Wọ́n sọ ìyókù, wọ́n fi ẹni tó gbẹ́ ẹ pamọ́."

Sènàmi rẹ́rìn-ín títí, ó di ọwọ́ rẹ̀ mú. Láti ibẹ̀ lọ, òun àti Yèyé ló jọ ń rìn níwájú.

Ilé bàbá Sènàmi ló wà lẹ́bàá ọ̀nà, bí ìdajì ìrìn láti etí ọ̀sà sí etí òkun. Aago mẹ́wàá ààbọ̀ la débẹ̀. Èmi ni mo ní kí a yà. Lọ́dọ̀ wa, a kì í bá ọmọ ṣe pọ̀ kí a kọjá lẹ́nu ọ̀nà bàbá rẹ̀ láìkí i, bẹ́ẹ̀ ni a kì í fọwọ́ lásán wọlé àgbà. Mo ti fi iṣu méjì pamọ́ nínú mẹ́rin tí mo gbé wá láti ilé, mo gbé e kọ́ èjìká láàárọ̀ ọjọ́ náà, torí mo mọ̀ pé a ó rí ẹni tí a ó fún.

Bàbá náà gba iṣu, ó gbé e símú.

"Níbo lẹ ti wá?"

"Èkìtì ni, sà. Ìkọ̀lé."

Ó dìde lórí àga. "Èkìtì! Ọdún mẹ́jọ ni mo fi mọ bíríkì ní Adó! Láti ìgbà tí mo ti padà sétí omi yìí, mi ò tíì jẹ iyán tó jọ iyán." Ó fi Ègùn ké sí àwọn obìnrin ilé pé kí wọ́n gbé ìkòkò kaná.

Sènàmi ní, "Bàbá, wọn ò tíì dé òkun, aago kan sì ni ọkọ̀ wọn."

"Ohù máa sá lọ ni?" ni bàbá náà wí, gbogbo wa rẹ́rìn-ín.

Yèyé kò rẹ́rìn-ín. Ó fà mí lẹ́wù. "Olú, jẹ́ kí a lọ wò ó dé ná. Bí a bá ń bọ̀, a ó jẹ ẹ́."

Mo ti ń wo bàbá náà bó ṣe ń fi ọ̀bẹ bẹ iṣu fúnra rẹ̀. Mo ní, "Yèyé, ṣé kí wọ́n ní ọmọ Èkìtì kọ iyán nílé arúgbó ni? Kò ní pẹ́."

Ó fi ẹ̀wù mi sílẹ̀. Yèyé kì í sọ ohun kan lẹ́ẹ̀mejì.

Ẹ ò mọ bí iná èèpo àgbọn ti ń jó: ó máa ń gbiná yòò, ó sì máa ń kú. Iṣu náà fi bí wákàtí kan jinná. Odó kò sí nílé, wọ́n lọ yá a lápá kejì abúlé. Nígbà tó dé, Sènàmi gún un bí ẹni ń gún ata, iyán náà kún fún kókó. Ibẹ̀ ni orí mi ti wú. Mo bọ́ ẹ̀wù, mo gba ọmọ odó. Àwọn ènìyàn jáde wá wò mí. Bí mo ti ń gún ni wọ́n ń pariwo, "Èkìtì! Èkìtì!", bàbá arúgbó ń fi ọ̀pá lu ilẹ̀, ó ń wí pé, "Ẹ wò ó! Bí wọ́n ti ń ṣe é l'Ádó nìyẹn!" Inú mi dùn dé ibi tí n ò mọ ọ̀nà mọ́.

A jẹ ẹ́ pẹ̀lú ọbẹ̀ ẹja tútù. Ó dùn, n ò ní purọ́. Yèyé bu òkèlè mẹ́ta, ó ṣan ọwọ́, ó sì yí àga rẹ̀ sí apá ibi tí atẹ́gùn ti ń fẹ́ wá.

Nígbà tí a fi dìde, aago méjìlá ti lé. Ojú ọ̀run ti ṣú lápá òkun. A kò tíì rìn ju ìṣẹ́jú mẹ́wàá lọ nínú yanrìn tí fóònù Sènàmi dún. Ohùn ọlọ́kọ̀ ń jáde bí ìjà: "Atẹ́gùn ti ń gbé ọ̀sà o! Bí ẹ ò bá bọ̀ báyìí, ibẹ̀ lẹ ó sùn!"

Sènàmi wò mí. "Bàbá, ẹ̀yin lẹ máa sọ. Ó ku bí ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún kí a dé òkun, ṣùgbọ́n Ìyá ò lè sáré."

Mo ro oògùn ojú tó wà ní Agbára, mo ro ọkọ̀ ìdájí tí a ti sanwó rẹ̀. Mo ní kí a padà.

Yèyé dúró. Ìró kan ń bọ̀ láti òkèèrè, ó ń hó, ó ń dákẹ́, ó tún ń hó.

"Ṣé òun nìyẹn?"

"Òun ni, Ìyá," Sènàmi dáhùn. "Ẹ̀yìn àwọn àgbọn yẹn ló wà."

Ó na ọrùn, ó fi ìwọ̀nba ojú tó kù wá a káàkiri. Àgbọn ló rí. Òjò bẹ̀rẹ̀ sí í ta sí wa lára. Ó yíjú padà, ó rẹ́rìn-ín díẹ̀, ó ní, "Ayé mà ṣòro o. Àwọn tí kò fẹ́ débẹ̀, wọ́n fi pàṣán lé wọn débẹ̀. Èmi tí mo fẹ́, uyán dá mi dúró."

Mo ti ro ọ̀rọ̀ náà láìmọye ìgbà. Mo lè gbé e pọ̀n. Kò wúwo, òun náà pọ̀n mí rí. A lè sùn sílé bàbá náà, kí owó ọkọ̀ ṣòfò. Ẹni tó bá sì mọ Èkó yóò bi mí pé ṣé etí òkun kan ṣoṣo ló wà níbẹ̀ ni. Kì í ṣe ẹyọ kan. Ṣùgbọ́n òjò kò dá títí ilẹ̀ fi ṣú, aago márùn-ún ìdájí sì bá wa nínú ọkọ̀. Nígbà tí a ń kọjá Orè, mo ní, "Yèyé, a ó tún lọ nígbà Kérésì." Ó ní, "Ó dáa, ọmọ mi." Kérésì náà ti dé, ó ti lọ. Ohùn ni Yèyé fi ń mọ̀ mí báyìí.

Àwọn àgbà ní àbámọ̀ ní í gbẹ̀yìn ọ̀ràn. Ohun tí mo rí kọ́ ní tèmi ni pé ìwà ọmọlúàbí tí mo ń hù fún àjèjì lójú ọ̀nà, ẹni tó kọ́ mi ní ìwà náà ni mo fi san owó rẹ̀. Bàbá arúgbó yẹn kò ní bínú bí a bá lọ dé. Èmi ni mo fẹ́ kí wọ́n pe Èkìtì.

Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ tí a padà láti Èkó náà la wọ Ìkọ̀lé. Àwọn aládùúgbò ti gbọ́ pé a dé etí òkun, wọ́n rọ́ wá sí pálọ̀. Mo fẹ́ sọ òótọ́ fún wọn. Kí n tó ya ẹnu, Yèyé ti gbà á mọ́ mi lẹ́nu.

"A rí i o! Olú mú mi débẹ̀."

"Báwo ló ti rí, Yèyé?"

"Ó ti rẹ̀ mí. Olú, bá mi sọ fún wọn."

Mo rí òkun rí, nígbà tí mo ṣe àgùnbánirọ̀. Mo sọ bó ti ń ru, bó ti ń funfun létí, tó sì dúdú láàárín, bí ojú ọ̀run ti wá pàdé rẹ̀ níbi tí ojú ènìyàn dé. Àwọn aládùúgbò ń ṣe hàà. Ṣùgbọ́n kò sí ẹni tó tẹ́tí nínú wọn tó Yèyé. Ó da ojú kọ mí, ẹnu rẹ̀ ṣí díẹ̀, kò mira.

Nígbà tí wọ́n lọ tán, mo rò pé ó ti sùn lórí àga. Mo fẹ́ pa iná. Ó ní,

"Tún un sọ. Má kánjú lọ́tẹ̀ yìí."

Mo jókòó sílẹ̀ lẹ́sẹ̀ rẹ̀, mo tún un sọ.