Àmù Ilé Ògúndìran

Bí ẹ̀ẹ̀rùn bá ti dé sí Odómẹ́ta, omi á di ohun tí à ń rìn ìrìn àjò tọ̀ lọ. Kí ilẹ̀ tó mọ́ ni Wùmí, ìyálé ilé Ògúndìran, ti máa ń gba ọ̀nà odò lọ, oòrùn á sì ti mú kó tó padà. Àmù ilé ló ń pọnmi sí. Àwọn ọmọ á mu, ewúrẹ́ á mu, ọkọ á fi wẹ̀. Òun fúnra rẹ̀, aṣọ tó rin ló fi ń nu ara.

Ọdún kejì tí Dahomey gba òmìnira nìyẹn. Gbogbo ayé ń wí pé nǹkan ti yí padà. Ọrùn Wùmí kò tíì gbọ́ ìròyìn náà.

Ìrìn náà kọ́ ló ń dùn ún jù. Bí àlejò bá dé, Victorine, ìyàwó kékeré, ni ọkọ máa ń pè. Victorine á kúnlẹ̀, á gbé igbá omi sílẹ̀, àlejò á mu, á sì súre fún ẹni tó kúnlẹ̀. Bí wọ́n ṣe ń ṣe é níbẹ̀ nìyẹn. Victorine kò ṣẹ ẹnikẹ́ni, ṣùgbọ́n Wùmí kò rántí ìgbà tí ẹnikẹ́ni súre fún òun mọ́.

Lọ́jọ́ kan tó ń ti odò bọ̀, tí ẹsẹ̀ kò fẹ́ gbé e mọ́, ó bá Honoré, ọ̀rẹ́ ọkọ rẹ̀ láti Kétu, tó jókòó ti Ògúndìran lábẹ́ igi iwájú ilé, pẹ̀lú igbá òfìfo lọ́wọ́. Wùmí kí i pẹ̀lú ìkòkò omi lórí. Honoré kò tilẹ̀ wò ó.

"Ìyàwó rẹ kékeré yìí mọ ìtọ́jú," ló ń sọ fún Ògúndìran. "Omi ilé rẹ kì í tán."

Inú bí Wùmí, ṣùgbọ́n àárẹ̀ rẹ̀ ju ìbínú lọ. Kò yà sídìí àmù. Ó kọjá sí balùwẹ̀ ẹ̀yìn ilé, ó bọ́ aṣọ, ó sì fi omi náà wẹ̀. Ó rọra fọ ẹsẹ̀, ó da ìyókù lé orí. Ó sunkún díẹ̀.

Kò pẹ́, ó gbọ́ ohùn Victorine: "Bàbá, àmù ti gbẹ o."

Ògúndìran wá sẹ́yìn ilé, Honoré àti Victorine tẹ̀ lé e. "Ìyá Clément, omi dà?"

"Mo ti fi wẹ̀."

"Gbogbo rẹ̀?"

"Gbogbo rẹ̀."

"Kí wá ni àlejò máa mu?"

"Ìkòkò nìyẹn, ẹ mọ ọ̀nà odò." Kò gbé ohùn sókè. Ó tẹ́ ẹní sí ìbòòji ògiri, ó sì dùbúlẹ̀ lójú gbogbo wọn, lọ́sàn-án gangan.

Honoré wò ó títí. "Ògúndìran, ta ló ń pọnmi nílé yìí gan-an?"

Ògúndìran dáhùn. "Wùmí ni."

Wùmí gbọ́ orúkọ ara rẹ̀ lẹ́nu ọkọ rẹ̀. Kò dìde.