Ẹni Tó Dákẹ́ Lórí Bẹ́ǹṣì

Wọ́n fi áísáàlì fọ wọ́ọ̀dù wa lánàá, mo sì sáré lọ ṣí fèrèsé. Òórùn yẹn ló gba imú mi lọ́sàn-án ọjọ́ kan ní kékeré mi, tí bàbá mi gbé èmi àti màámi lọ sí ọsibítù kan n'Íbà. Màámi jókòó, wọ́n ń làágùn, wọn ò sọ̀rọ̀. Ọkùnrin kan ń pariwo nítorí ìka rẹ̀ tó bó. Òun ni nọ́ọ̀sì mú wọlé.

Bàbá mi bẹ nọ́ọ̀sì: "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ wo ìyàwó mi."

"Sà, ẹ ní sùúrù. Ṣebí wọ́n jókòó jẹ́ẹ́?"

Màámi bì sí mi lẹ́sẹ̀. Nọ́ọ̀sì yínmú, ó da áísáàlì sí i, ó bá tirẹ̀ lọ.

Nọ́ọ̀sì lèmi náà báyìí. Ẹni tó dákẹ́ ni mo máa ń kọ́kọ́ yẹ̀ wò.

Lọ́sàn-án ọjọ́ náà, kò pẹ́ tí nọ́ọ̀sì yẹn lọ, bàbá mi bú sẹ́kún. Èmi rò pé màámi sùn ni, mo wá ń lé eṣinṣin lójú wọn kí wọ́n má baà jí.